Ọ̀gá ológun Amẹ́ríkà: kí ló dé tí wọ́n ń tètè fẹ̀yìn tì, ọ̀nà wo sì ni ọmọ wa tó wà lọ́hùn-ún lè gbà di ọ̀gá?

Àkànní Kétu

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ará ilé. Ìbéèrè mi jẹ́ méjì, ẹni tó bá mọ ọ̀rọ̀ náà délẹ̀ ni mo ń wá o, kì í ṣe àgbọ́sọ.

Èkíní: nínú ìròyìn, a máa ń gbọ́ pé kọ́nẹ́ẹ̀lì Amẹ́ríkà kan ti fẹ̀yìn tì. Ẹ ó wo ojú onítọ̀hún, kò tíì ju ọmọ ọdún 45 lọ, ara rẹ̀ ṣì le koko. Ṣé wọ́n lé e ni, àbí iṣẹ́ náà sú u, àbí òfin ló ní kó lọ?

Èkejì: ọmọ ilẹ̀ wa tó ti ń gbé Amẹ́ríkà pẹ̀lú gíríìnì káàdì, tó ní báàkì (ìwé-ẹ̀rí ìparí lísé), tó sì gba lísáǹsì (ìwé-ẹ̀rí yunifásítì) ní Abomey-Calavi, ṣé ó lè wọṣẹ́ ogun gẹ́gẹ́ bí ọ̀gá lẹ́sẹ̀ kan náà? Àwọn kan ní bẹ́ẹ̀ ni. Àwọn mìíràn ní àfi kó kọ́kọ́ ṣe ọmọ ogun lásán. Èwo ni ká mú? Ìwé wo ni wọ́n ń béèrè, ibo ló sì ti ń bàjẹ́ mọ́ àwọn èèyàn lọ́wọ́?

Adéògún Àjàṣẹ́

Àkànní, ẹ kú ìbéèrè. Èkejì ni mo máa kọ́kọ́ mú, torí òun ló ń ṣi àwọn ọmọ wa lọ́nà jù.

Gíríìnì káàdì tó láti wọṣẹ́ ogun, kò tó láti fi jọ̀gá. Òfin wọn ya méjèèjì sọ́tọ̀. Ẹni tó ní gíríìnì káàdì lè forúkọ sílẹ̀ bí ọmọ ogun. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n máa fi ṣe ọ̀gá nínú ẹgbẹ́ ogun tó wà lẹ́nu iṣẹ́ lójoojúmọ́ gbọ́dọ̀ jẹ́ ọmọ orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà, ó sì gbọ́dọ̀ kéré tó ẹni tó lè ṣe ogún ọdún kó tó pé 62. Nítorí náà àwọn tó ní àfi kó kọ́kọ́ ṣe ọmọ ogun fẹ́rẹ̀ẹ́ sọ òótọ́. Ohun tó di dandan ni kó kọ́kọ́ di ọmọ orílẹ̀-èdè. Iṣẹ́ ogun fúnra rẹ̀ ló wá jẹ́ ọ̀nà tó yá jù láti dì í, torí náà ni ọ̀pọ̀ fi ń gba ibẹ̀.

Bó ṣe ń lọ nìyí. Ó máa ṣe ASVAB, ìdánwò tí wọ́n fi ń wọn òye ẹni tó fẹ́ wọṣẹ́ ogun, wọ́n á yẹ ara rẹ̀ wò, á sì fọwọ́ sí ìwé àdéhùn tí wọ́n ń pè ní DD Form 4. Ẹ sọ fún un kó ka ìwé yẹn láti òkè dé ìsàlẹ̀ pẹ̀lú àwọn àfikún rẹ̀. Ìlérí tí ọ̀gá tó ń gba èèyàn síṣẹ́ fi ẹnu ṣe kò wúlò fún ohunkóhun. Ohun tó wà nínú ìwé nìkan ni ìjọba máa mú ṣẹ. Ẹni tí wọ́n sọ fún pé "wọlé ná, oṣù mẹ́fà sí i o ti di ọ̀gá", tí kò sì sí gbólóhùn bẹ́ẹ̀ nínú ìwé, afẹ́fẹ́ ló gbà.

Bó bá ti wọlé, á kọ ìwé N-400 láti fi béèrè ìwé ọmọ orílẹ̀-èdè, á sì mú N-426 mọ́ ọn, èyí tí àwọn ọ̀gá rẹ̀ gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí pé ó ń ṣiṣẹ́ pẹ̀lú ìwà tó dára. Àwọn ológun kì í san owó kankan lórí N-400. Ibi tó ti ń falẹ̀ ni N-426: bí akọ̀wé tó yẹ kó fọwọ́ sí i kò bá mọ̀ ọ́n, ó lè sùn sórí tábìlì fún ọ̀sẹ̀ púpọ̀. Kí ó máa béèrè pẹ̀lú ọ̀wọ̀, kó má sì dákẹ́.

Lẹ́yìn èyí ló kan lísáǹsì, ibẹ̀ gan-an ni ẹsẹ̀ sì ti ń yọ̀. Lísáǹsì tiwa jẹ́ ọdún mẹ́ta lẹ́yìn báàkì. Tiwọn sábà máa ń jẹ́ ọdún mẹ́rin, kírẹ́díìtì 120. Ilé iṣẹ́ tó ń wọn ìwé-ẹ̀rí ilẹ̀ òkèèrè lè sọ pé ti ọmọ wa bá tiwọn dọ́gba, ó sì lè sọ pé ó kù díẹ̀ káàtó. Kí ó má fi dípúlọ́mà nìkan ránṣẹ́. Kí ó gba àkọsílẹ̀ máàkì gbogbo sẹ̀mẹ́sítà, kó ní kí wọ́n wọ̀n ọ́n iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan sí iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan, kó sì lo atúmọ̀ èdè tó ní àṣẹ. Bó bá kù díẹ̀, owó ìrànlọ́wọ́ ẹ̀kọ́ tí ẹgbẹ́ ogun ń fún àwọn ọmọ ogun wà níbẹ̀, ó lè fi parí èyí tó kù ní yunifásítì lọ́hùn-ún láàárín iṣẹ́.

Máàkì tí wọ́n ń pè ní GT, tí wọ́n ń yọ láti inú ASVAB, wà pẹ̀lú. Fún ilé-ẹ̀kọ́ àwọn ọ̀gá, 110 ni ó kéré jù. Ìtumọ̀ ọ̀rọ̀, òye àkàyé, àti ìṣirò tí wọ́n fi ọ̀rọ̀ gbé kalẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣírò rẹ̀. Ìṣirò kì í ṣe ìṣòro àwọn ọmọ wa. Ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló ń pa wọ́n, torí Faransé ni wọ́n fi lọ sí lísé, àwọn ọ̀rọ̀ tó jọra nínú èdè méjèèjì sì ń tàn wọ́n jẹ. Bí máàkì bá kéré, ètò kíláàsì kan wà nínú ẹgbẹ́ ogun tó ń jẹ́ BSEP. Ó máa jókòó síbẹ̀, lẹ́yìn náà á tún ìdánwò ṣe. Kó má tún un ṣe láìkọ́ ohun tuntun.

Wọ́n tún máa ṣe ìwádìí ààbò, torí gbogbo ọ̀gá gbọ́dọ̀ lè ka ìwé àṣírí. Fọ́ọ̀mù SF-86 ni. Ó ń béèrè gbogbo ibi téèyàn ti gbé fún ọdún 10, àti àwọn ẹbí tó wà lókèèrè. Fún àwọn ará wa, ohun tó ń fa ìdádúró kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀, orúkọ ni. Ìwé ìbí kan á kọ "Adjibadé", páásípọ̀ọ̀tù á kọ "Adjibade", ìwé ilé-ìwé tó gbà ní apá Nàìjíríà á kọ "Ajibade". Olùwádìí á rí èèyàn mẹ́ta. Ọjọ́ ìbí tí wọ́n gbà nílé ẹjọ́ lẹ́yìn ọdún pípẹ́ náà máa ń bá ti ìwé àkọ́kọ́ jà. Kí ó kọ gbogbo bí orúkọ ṣe hàn sínú àyè tí wọ́n fi sílẹ̀ fún orúkọ mìíràn, kó sì so ìwé ìdájọ́ náà mọ́ ọn. Kó má sì fi ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò kankan pamọ́. Ẹbí tó pọ̀ kò ba nǹkan jẹ́. Irọ́ nínú fọ́ọ̀mù yẹn ló ń bà á jẹ́.

Nígbà tí gbogbo èyí bá pé, á kọ DA Form 61, ìwé tí wọ́n fi ń béèrè láti di ọ̀gá, á wá àwọn ọ̀gá tó máa kọ lẹ́tà ẹ̀rí fún un, á sì jókòó níwájú ìgbìmọ̀. Bó bá yege, ó di ilé-ẹ̀kọ́ àwọn ọ̀gá ní Fort Benning, ní ìpínlẹ̀ Georgia, ọ̀sẹ̀ 12. Wọ́n á to gbogbo kíláàsì láti ẹni tó ṣe dáadáa jù dé ẹni ìkẹyìn, ẹni tó wà lókè ló sì ń kọ́kọ́ mú irú iṣẹ́ tó wù ú. Ẹni tó bá fẹ́ iṣẹ́ kan pàtó kò gbọ́dọ̀ fi eré sísá àti kíka máàpù nínú igbó ṣeré. Lẹ́yìn rẹ̀, ilé-ẹ̀kọ́ mìíràn ṣì wà fún irú iṣẹ́ tó bá mú. Ọdún 3 lẹ́nu iṣẹ́ ni gbèsè rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àdéhùn náà lápapọ̀ jẹ́ ọdún 8.

Àwọn ọ̀nà yòókù: West Point, ilé-ẹ̀kọ́ gíga ogun orí ilẹ̀ tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1802, ń gba ọmọ ọdún 17 sí 22 tí kò tíì gbéyàwó tàbí lọ́kọ, tí aṣòfin kan sì dárúkọ rẹ̀, gbèsè tirẹ̀ jẹ́ ọdún 5 lẹ́nu iṣẹ́. ROTC, ètò tó ń kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ láti di ọ̀gá ogun, wà nínú yunifásítì, àwọn tí wọ́n bí sí ọ̀hún ló bá mu jù. Dókítà, lọ́yà àti àlùfáà ní ọ̀nà tààrà tiwọn, àmọ́ ìwé àṣẹ iṣẹ́ Amẹ́ríkà ni wọ́n máa béèrè, kì í ṣe ti Kùtọnù.

Ìyálódé Ṣábẹ̀ẹ́

Ẹ̀gbọ́n Adéògún ti sọ ti ẹnu ọ̀nà, ẹ jẹ́ kí n sọ ti inú ilé.

Àkànní, àbúrò mi, ẹnikẹ́ni kò lé kọ́nẹ́ẹ̀lì yẹn, iṣẹ́ kò sì sú u. Aago ló lù. Nínú ẹgbẹ́ ogun wọn, ọ̀gá kò lè jókòó sí oyè kan títí ayé. Á gòkè, tàbí kó jáde. Òfin 1947 ló fi ìlànà yìí rinlẹ̀ nínú gbogbo ẹgbẹ́ ogun, òfin 1980 tí wọ́n ń pè ní DOPMA ló sì tò ó bó ṣe wà lónìí.

Ohun tó fà á ni pé ṣáájú Ogun Àgbáyé Kejì, ẹni tó bá kọ́kọ́ wọlé ló ń kọ́kọ́ gòkè, ẹni tó wà lókè kò sì kúrò lọ́nà. Dwight Eisenhower jáde ní West Point ní 1915. Ó di mejọ̀, ìyẹn oyè tí a ń pè ní kọmáǹdáǹ lọ́dọ̀ tiwa, ní 1920. Títí di 1936, ìyẹn ọdún 16, kò kọjá oyè yẹn! Ọkùnrin tó wá darí ogun ní Yúróòpù, tó gba ìràwọ̀ márùn-ún ní oṣù Kejìlá 1944, tó sì di Ààrẹ ní 1953, ọjọ́ orí rẹ̀ ti di 45 kó tó kúrò ní mejọ̀. George Marshall di olórí ogun orí ilẹ̀ ní ọjọ́ kìíní oṣù Kẹsàn-án 1939, ọjọ́ náà gan-an tí Jámánì wọ Póláǹdì, ó sì bá àwọn kọ́nẹ́ẹ̀lì tó ti dàgbà ju ẹni tó lè kó ọmọ ogun sáré nínú ẹrẹ̀. Ó dá ìgbìmọ̀ sílẹ̀ láti yọ wọ́n. Lẹ́yìn ogun, wọ́n pinnu pé irú rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀ mọ́. Mo rò pé ìpinnu tó tọ́ ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ń dun àwọn tó dára gan-an.

Bí ọdún ṣe ń lọ nínú ogun orí ilẹ̀ nìyí. Èèyàn á bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀pá wúrà kan léjìká, lẹ́fútẹ́náǹtì kejì nìyẹn, ní nǹkan bí ọmọ ọdún 22. Wọ́n á fún un ní ọmọ ogun bí 40, pẹ̀lú sáájẹ́ǹtì kan tó ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ jù ú lọ dáadáa. Ọ̀gá tuntun tí kò bá gbọ́ràn sí sáájẹ́ǹtì yẹn lẹ́nu á kàbùkù kíákíá. Oṣù 18 sí i, ọ̀pá náà á di fàdákà. Ẹ ṣàkíyèsí o, lọ́dọ̀ wọn fàdákà ló ga ju wúrà lọ. Ní bí ọdún kẹrin, ọ̀pá fàdákà méjì, kápítẹ́ẹ̀nì, ẹni tó ń darí èèyàn bí 100 sí 200. Títí dé ibẹ̀, ẹni tó bá ń ṣe iṣẹ́ rẹ̀ láìlẹ́bi á gòkè.

Ọdún kẹwàá ni ojú ọ̀nà ń dín. Mejọ̀, ewé óókù wúrà, bí ọdún 10: ìwọ̀n tí ìlànà fi lélẹ̀ ni 80 nínú 100. Lẹ́fútẹ́náǹtì kọ́nẹ́ẹ̀lì, ewé fàdákà, bí ọdún 16: 70 nínú 100. Kọ́nẹ́ẹ̀lì, ẹyẹ idì fàdákà, bí ọdún 22: 50 nínú 100. Ẹ ṣírò rẹ̀: nínú kápítẹ́ẹ̀nì 100 tó dúró títí, 80 á di mejọ̀, 56 á di lẹ́fútẹ́náǹtì kọ́nẹ́ẹ̀lì, 28 péré ló máa fi ẹyẹ idì sí ọrùn. Àwọn tó gba ìràwọ̀ jẹ́nẹ́rà nínú 28 yẹn kéré débi pé kò yẹ kí ẹnikẹ́ni fi gbèrò ayé rẹ̀.

Ẹni tí ìgbìmọ̀ tó ń yan àwọn tó máa gòkè bá fò lẹ́ẹ̀mejì ti dé òpin ọ̀nà. Ẹni tí wọn kò sì fò náà ní òpin tirẹ̀: lẹ́fútẹ́náǹtì kọ́nẹ́ẹ̀lì kò lè kọjá ọdún 28, kọ́nẹ́ẹ̀lì kò lè kọjá 30. Ṣùgbọ́n èyí tó pọ̀ jù kì í dúró dé ibẹ̀, torí pé ní ogún ọdún gééré ni owó ìfẹ̀yìntì ti ń bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó wọlé ní 22, ó di 42. Kò sí ohun ìyanu nínú ojú tó ṣì tutù.

Owó ìfẹ̀yìntì náà yí padà. Nínú ètò àtijọ́, ọdún kọ̀ọ̀kan jẹ́ ìdá 2.5 nínú 100 owó oṣù ìpìlẹ̀ tó ga jù fún oṣù 36, èyí tó mú kí ogún ọdún jẹ́ ìdajì. Àwọn tó wọlé láti ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní 2018 wà nínú ètò tuntun: ìdá 2 lọ́dún, ogún ọdún di 40 nínú 100, àmọ́ ìjọba ń fi owó kún àpò ìfowópamọ́ wọn tó tó ìdá 5. Àǹfààní ti tuntun ni pé ẹni tó kúrò ní ọdún kẹjọ náà kì í lọ lọ́wọ́ òfo. Nínú ti àtijọ́, ẹni tó fúnra rẹ̀ kúrò ní ọdún 19 kò rí kọ́bọ̀ ìfẹ̀yìntì.

Wọ́n tún máa ń ṣí kiri ní ọdún 2 tàbí 3 síra wọn, pẹ̀lú ẹrù àti ọmọ. Aya tàbí ọkọ tó jẹ́ olùkọ́ tàbí nọ́ọ̀sì á máa gba ìwé àṣẹ iṣẹ́ tuntun ní ìpínlẹ̀ tuntun. Ọ̀pọ̀ kápítẹ́ẹ̀nì dáadáa ló ti ibi yìí kúrò. Ilé ló ń lé wọn kúrò lẹ́nu iṣẹ́, kì í ṣe ìgbìmọ̀.

Àkànní Kétu

Ìyá, ẹ ṣé gan-an ni. Ẹ jọ̀wọ́, kí ni ìgbìmọ̀ yìí ń wò? Ṣé wọ́n ń pe èèyàn wá ṣàlàyé ara rẹ̀ ni? Ẹni tí wọ́n bá sì fò lẹ́ẹ̀mejì, ṣé wọ́n á kàn ní kó máa lọ báyẹn?

Ìyálódé Ṣábẹ̀ẹ́

Rárá, wọn kì í pè é. Ìwé ni wọ́n ń wò. Òfin ní ìgbìmọ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀gá márùn-ún ó kéré tán, tí gbogbo wọn ga ju àwọn tí wọ́n ń yẹ̀ wò lọ. Fún ogun orí ilẹ̀, ọ̀dọ̀ àjọ tó ń rí sí òṣìṣẹ́ ní Fort Knox, ní Kentucky, ni wọ́n ti ń ṣe é. Ẹnì kọ̀ọ̀kan á dá ka fáìlì, á sì fún un ní máàkì. Fáìlì pọ̀, ìṣẹ́jú díẹ̀ ló ń kan ọ̀kọ̀ọ̀kan. Láti 2020, ogun orí ilẹ̀ ti yọ fọ́tò kúrò nínú ohun tí ìgbìmọ̀ ń rí.

Ohun tó wúwo jù nínú fáìlì ni ìwé ìgbéléwọ̀n tí wọ́n ń kọ nípa rẹ̀, ó sábà máa ń jẹ́ ọdọọdún. Ọ̀gá méjì ló ń kọ ọ́: ẹni tó wà lókè rẹ̀ gan-an, àti ọ̀gá ti ọ̀gá rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnì kejì yìí ni ìgbìmọ̀ ń kọ́kọ́ wá. Àpótí mẹ́rin ló wà níwájú rẹ̀, èyí tó ga jù sì ni "ó yẹ jù lọ". Kò gbọ́dọ̀ fi àpótí yẹn fún ìdajì àwọn tó ń gbé léwọ̀n; ó gbọ́dọ̀ kéré sí 50 nínú 100. Bó bá ní kápítẹ́ẹ̀nì 10, mẹ́rin péré ló lè fún. Kápítẹ́ẹ̀nì karùn-ún lè dára bí ti kẹrin, àpótí kejì ló máa bọ́ sí. Èyí ni wọ́n fi dá àṣà kí ọ̀gá máa yin gbogbo èèyàn dúró.

Nítorí náà ẹni tó gbọ́n á mọ ìgbà tí ọ̀gá rẹ̀ ń lọ. Bí ọ̀gá bá lọ kí ìwé tó jáde, ẹni tuntun tí kò mọ iṣẹ́ rẹ̀ ló máa kọ ọ́. Á tún ka gbólóhùn tó wà lábẹ́ àpótí. "Ọ̀gá dáadáa ni" kò sọ nǹkan kan. "Òun ni ìkíní nínú kápítẹ́ẹ̀nì 12 tí mo ń gbé léwọ̀n, ẹ gbé e ga ṣáájú ẹgbẹ́ rẹ̀" ni ìgbìmọ̀ ń wá. Bí iye kò bá sí nínú ọ̀rọ̀, ìgbìmọ̀ á gbà pé ọ̀gá kò fẹ́ fi iye sí i.

Nǹkan tí mo fẹ́ràn ni bí wọ́n ṣe gbìyànjú láti tún èyí ṣe ní 2020 fún àwọn tó máa darí bàtálíọ́ọ̀nù. Wọ́n kó wọn lọ sí Fort Knox fún ọjọ́ mélòó kan: eré ìdárayá, àròkọ, ìfọ̀rọ̀wérọ̀ pẹ̀lú onímọ̀ ọkàn. Ní ìkẹyìn, ẹni náà á jókòó sí ẹ̀yìn aṣọ ìkélé, kí àwọn jẹ́nẹ́rà tó ń bi í léèrè má baà rí ojú rẹ̀. Ohùn nìkan ni wọ́n ń gbọ́.

Nípa ti ẹni tí wọ́n fò: bó bá ti ṣe ọdún 6 ó kéré tán, owó ìdágbére wà. Ìdá 10 nínú 100 owó oṣù ìpìlẹ̀, lọ́nà oṣù 12, lọ́nà iye ọdún. Ká ní owó oṣù jẹ́ 8,000 dọ́là, ó sì ṣe ọdún 10, ó di 96,000. Kí ó má ná an bí owó ọ̀fẹ́ o. Wọ́n á yọ owó orí níbẹ̀, bó bá sì wá ń gba owó àbùkù ara lẹ́yìn náà, wọ́n á máa yọ ọ́ padà. Ẹni tó ti pé ọdún 18, òfin dáàbò bò ó kó lè parí ogún. Mejọ̀ tó ku ọdún 6 péré sí ogún, wọ́n sábà máa ń jẹ́ kó máa bá iṣẹ́ lọ.

Láti mejọ̀ lọ sókè, Ilé Aṣòfin Àgbà ló gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí orúkọ. Ó sábà máa ń kọjá láìsí ariwo. Ṣùgbọ́n ní 2023, aṣòfin kan ṣoṣo, Tommy Tuberville, dá ìgbéga ọ̀gá tó ju 400 lọ dúró fún ọ̀pọ̀ oṣù nítorí àríyànjiyàn lórí oyún ṣíṣẹ́, kó tó tú èyí tó pọ̀ jù sílẹ̀ ní oṣù Kejìlá. Àwọn tó ti kó ẹrù tán kò rí ibi lọ.

Ọmọ Ìfọ̀nyìn

Ẹ jẹ́ kí n fi ẹnì kan kún un, torí a máa ń sọ̀rọ̀ àwọn ológun yìí bí ẹni pé wọn kò kan ilẹ̀ wa rí. Èkó níbí ni Charles Young kú sí, ní ọjọ́ 8 oṣù Kìíní 1922. Ẹnì kẹta ni nínú àwọn ènìyàn dúdú tó jáde ní West Point, ní 1889, òun sì ni dúdú àkọ́kọ́ tó dé oyè kọ́nẹ́ẹ̀lì nínú ogun Amẹ́ríkà.

Ẹ wo bí aago tí Ìyálódé sọ ṣe lè di ohun ìjà. Ní 1917, nígbà tí Amẹ́ríkà wọ Ogun Àgbáyé Kìíní, oyè rẹ̀ ti ga débi pé bó bá gòkè sí i, àwọn ọ̀gá funfun á wà lábẹ́ rẹ̀. Àwọn dókítà ní ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ru, wọ́n sì fẹ̀yìn rẹ̀ tì. Ní oṣù Kẹfà 1918, ó gun ẹṣin láti Wilberforce, ní Ohio, dé Washington, láti fi hàn pé ara òun le. Ó tó kìlómítà 800, ó ju kéèyàn ti Àjàṣẹ́ dé Malanville lọ. Wọ́n dá a padà sẹ́nu iṣẹ́ ní ọjọ́ 6 oṣù Kọkànlá 1918, ó ku ọjọ́ márùn-ún kí ogun parí.

Wọ́n rán an padà sí Làìbéríà gẹ́gẹ́ bí aṣojú ológun. Ìrìn àjò iṣẹ́ ló gbé e dé Nàìjíríà, àìsàn kíndìnrín sì mú un níbẹ̀. Èkó ni wọ́n kọ́kọ́ sin ín sí. Ní 1923 wọ́n gbé e lọ sí Arlington, itẹ́ àwọn akọni wọn. Ìràwọ̀ jẹ́nẹ́rà tó tọ́ sí i, ọdún 2022 ni wọ́n tó ṣe ayẹyẹ rẹ̀ ní West Point, ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn ikú rẹ̀. Inú mi ń bàjẹ́ pé a kì í kọ́ àwọn ọmọ wa ní orúkọ yìí, nígbà tí ibi tó kú sí kò jìnnà sí wa rárá.

Adéògún Àjàṣẹ́

Ọmọ Ìfọ̀nyìn, ẹ ṣeun fún èyí.

Àkànní, kí n tó kúrò, ọ̀nà kan ṣì wà tí kò béèrè gíríìnì káàdì, torí àwọn òbí tó ní ọmọ ní ilé-ìwé ológun Bembèrèkè máa ń béèrè. Ọ̀gá ogun Bẹ̀nẹ̀ lè lọ kẹ́kọ̀ọ́ lọ́hùn-ún kó sì padà wálé gẹ́gẹ́ bí ọ̀gá ogun Bẹ̀nẹ̀. West Point lè ní akẹ́kọ̀ọ́ ilẹ̀ òkèèrè tó 60 lẹ́ẹ̀kan náà. Ilé-ẹ̀kọ́ àwọn mejọ̀ ní Fort Leavenworth, ní Kansas, máa ń gba àwọn àlejò fún bí oṣù 10. Ìjọba ilé ló gbọ́dọ̀ dárúkọ ẹni náà nípasẹ̀ ẹ́ńbásì ní Kùtọnù. Ẹni tó bá kọ̀wé fúnra rẹ̀ ń fi àkókò ṣòfò. Èdè Gẹ̀ẹ́sì ló sì ń dá ọ̀pọ̀ padà: ìdánwò kan wà tí wọ́n ń pè ní ECL, ẹni tí máàkì rẹ̀ kò bá tó lè kọ́kọ́ lọ jókòó sí ilé-ẹ̀kọ́ èdè ní San Antonio, ní Texas. Ẹgbẹ́ ogun ìpínlẹ̀ North Dakota sì ti ń bá ogun Bẹ̀nẹ̀ ṣe pọ̀ láti 2014, torí náà ẹ má yà á lẹ́nu bí ẹ bá rí àwọn ọ̀gá láti ibi tí yìnyín ti ń bo ilẹ̀ nínú oòrùn wa níbí.

Àkànní Kétu

Ẹ ṣeun gbogbo yín, ó ti yé mi. Ohun kan ló kù: mo rí i nínú ìròyìn pé "kápítẹ́ẹ̀nì" kan ló ń darí ọkọ̀ ojú omi ńlá tí èèyàn ẹgbẹẹgbẹ̀rún wà nínú rẹ̀. Ṣé kápítẹ́ẹ̀nì ọdún kẹrin tí Ìyálódé sọ náà ni?

Ìyálódé Ṣábẹ̀ẹ́

Rárá o, àbúrò mi. Orúkọ oyè ti ogun ojú omi yàtọ̀. Kápítẹ́ẹ̀nì ojú omi bá kọ́nẹ́ẹ̀lì orí ilẹ̀ dọ́gba, ó ti lò ju ogún ọdún lọ kó tó dé ibẹ̀. Ẹni tó ní ọ̀pá fàdákà méjì lọ́dọ̀ wọn, lẹ́fútẹ́náǹtì lásán ni wọ́n ń pè é. Bí ẹ bá ń túmọ̀ ìròyìn, ẹ má wo orúkọ, ẹ wo ọrùn ẹ̀wù rẹ̀: ẹyẹ idì ni ẹ máa rí níbẹ̀.